Ewé Funfun Mẹ́jọ Lẹ́yìn Ìwé Ahunẹní

Àkànní, ọkọ Àṣàkẹ́. Àkànní ọmọ Ẹ̀ṣọ́ Ìkòyí, jagunjagun tí kò bá ẹnikẹ́ni jà rí. Arán-ìwé-bí-ẹni-rán-agbádá. Afọwọ́-ka-ewé-má-ṣì-í-kà. Ọkùnrin pẹ́lẹ́ńgẹ́ tí òórùn gọ́ọ̀mù kì í kúrò lára rẹ̀, bó ti wù kó wẹ̀ tó. Bàbá Báíńdà Agbowó lẹ́nu àwọn ọmọ yunifásítì. Ọkọ mi ni mo ń kì yìí. Ó ti kú, kò sì sí ẹlòmíràn nílé tó lè kì í, mo wá ní kí n kọ ọ́ sílẹ̀ kó tó rẹ̀ mí jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Mo mọ orúkọ gbogbo ẹni tí ọ̀rọ̀ yìí kàn, títí dé orí nọ́ọ̀sì tó tú aṣọ lójú mi. Yàtọ̀ sí èmi àti òun, mi ò ní kọ wọ́n. Bí mo bá kọ orúkọ ẹnì kan, ojú onítọ̀hún á dìde níwájú mi, màá wá jókòó máa wò ó, iṣẹ́ ò sì ní lọ mọ́. Ìwé kẹfà ni mo kà dúró. Kí ẹnikẹ́ni má wá gírámà lọ́wọ́ mi.

Ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ wà ní Agbowó, láàárín àwọn tó ń ṣe fọ́tòkọ́pì. Àwọn tó kù ń fi ẹ̀rọ di ìwé, òun ń fi abẹ́rẹ́ àti òwú rán an. Ó ní ìṣe kan. Bí wọ́n bá gbé ìwé àtijọ́ wá, tí ewé ti já sọnù nínú rẹ̀, á rán ewé funfun sí ipò àwọn tó sọnù. Ó ní ẹni tó bá rí ìyókù níbòmíràn lọ́jọ́ kan á lè fi bírò kọ ọ́ síbẹ̀. Mo ti gbọ́ ọ lẹ́nu rẹ̀ títí ó fi sú mi, èmi náà ò sì rántí ẹ̀ lọ́jọ́ tó yẹ kí n rántí.

Ojú rẹ̀ ò fọ́ lọ́jọ́ kan. Àrùn tí ń jí ojú díẹ̀díẹ̀ láti ẹ̀gbẹ́ ni. Ó mọ̀, kò sọ. Ọdún méjì gbáko ló fi ń ṣe bí ẹni tó ń ríran, kí àwọn oníbàárà má baà sá. Ìgbà tó rán ìwé ọmọ kan lódì, tí orí ìwé wá wà nísàlẹ̀, la tó mọ̀. Dókítà ní ká ní ó tètè wá ni, oògùn tí wọ́n ń kán sójú ì bá ti dá a dúró.

Látìgbà náà ni mo ti ń kàwé fún un. Lẹ́yìn ìrun Alásárì, tí oòrùn bá ti kúrò lójú ìta wa, màá gbé àga méjì jáde. Ìwé Yorùbá ni mo lè kà já gaara. Ó fẹ́ràn kí n máa kà, àmọ́ àwọn afọ́jú inú ìwé sú u. Ọmọbìnrin yunifásítì kan wà tó ń kọ pírójẹ́ẹ̀tì lórí ojú fífọ́ nínú àwọn ìwé Yorùbá. Ọ̀dọ̀ wa ló máa ń wá jókòó, á sì yá wa ní ìwé. Ọkọ mi bi í lọ́jọ́ kan pé:

"Ìyá mi, àwọn afọ́jú inú ìwé tí o kà, mélòó nínú wọn ló ń wá bàtà ẹ̀?"

Ọmọ náà bú sẹ́rìn-ín. "Bàbá, kò sí o."

"Kí ni wọ́n wá ń ṣe látàárọ̀?"

"Àwọn kan ń rí ọjọ́ iwájú. Àwọn kan, Ọlọ́run ló fi jẹ wọ́n níyà. Àwọn kan, ojú wọn á là ní ìparí. Àwọn míì ò tiẹ̀ fọ́jú rárá, ohun tó wà níwájú wọn ni wọn ò rí. Àmì ni, Bàbá. Òǹkọ̀wé ń fi ojú fífọ́ ṣe àmì nǹkan mìíràn."

"Àmì kẹ̀? Wo ojúgun mi. Tábìlì ló ṣe mí báyìí, kì í ṣe òǹkọ̀wé."

Mo ní, "Ẹ fi ọmọ ọlọ́mọ sílẹ̀, ẹ jẹ́ ó ṣe iṣẹ́ ẹ̀."

"Mo mú u ni? Kọ ọ́ síbẹ̀, ìyá mi. Kọ ọ́ pé bàbá kan wà ní Agbowó tí ò rí ọjọ́ iwájú. Ṣíbí gan-an, kò rí i."

Ìwé kan ṣoṣo ló tẹ́ ẹ lọ́rùn. Ó ti rà á ní Dùgbẹ̀ nígbà tí ojú rẹ̀ ṣì dá, kò ní èèpo, iwájú rẹ̀ ti ya, a ò mọ ẹni tó kọ ọ́. Ọkọ mi ló tún un rán. Ìtàn ahunẹní kan ni, tí ojú rẹ̀ fọ́ nílùú òkèèrè, tí ìyàwó rẹ̀ wá ń fẹsẹ̀ rìn mú un bọ̀ wálé. Ahunẹní yẹn ń bínú. Ó ń fi ọwọ́ kan iná. Ó ń ráhùn pé iyọ̀ ti pọ̀ jù nínú ọbẹ̀. Bí mo bá ti ń kà á, ọkọ mi á na ẹsẹ̀, á ní, "Ẹni tó kọ eléyìí mọ̀ ọ́n." Ohun tó ń fẹ́ mọ̀ ò ju ẹyọ kan lọ: bí ọkùnrin náà bá délé, kí ni yóò máa ṣe?

Ìgbà tí a ń ka ìwé yẹn ni ojú tèmi bẹ̀rẹ̀. Bí ẹni ń wo nǹkan látinú èéfín ni. Mi ò sọ. Bí mo bá sọ, ta ni yóò máa kàwé fún un? Mo ń gbé ìwé sún mọ́ imú, ibi tí mi ò bá ti rí lẹ́tà, mo ń fi ọ̀rọ̀ ara mi dí i. Mo ń ṣi ata mú fún iyọ̀, mo ń ní alátẹ ló rẹ́ mi jẹ. Ó ń jẹ ẹ́, kò ráhùn.

Ní ọ̀sán kan, mo ṣí ewé, funfun ni mo rí. Kì í ṣe èéfín mọ́, funfun báláú. Mo ṣí òmíràn, funfun. Mo ní ó ti parí nìyẹn, ojú mi ti lọ pátá. Ọkọ mi jókòó, ó na ẹsẹ̀, ó ń dúró. Kí ni kí n ṣe? Mo ń kà lọ. Mo ní wọ́n délé. Mo ní àwọn ará ilé kí wọn, wọ́n sì lọ. Ìyàwó se iṣu, ó gbé ọ̀bẹ lé ọkọ rẹ̀ lọ́wọ́ pé kó gé e. Ó gé e. Kò gé ọwọ́. Wọ́n jẹun. Ó na ẹní tí òun fúnra rẹ̀ hun kó tó kúrò nílé, ó fọwọ́ pa á, ó rí ibi tó ti ṣì í hun nígbà tó ṣì ní ojú. Ó rẹ́rìn-ín, ó sùn. Mo pa ìwé dé.

"Ó parí?"

"Ó parí."

Ó na ọwọ́, ó gba ìwé, ó fi àtàǹpàkò ka àwọn ewé tó gbẹ̀yìn.

"Àṣàkẹ́."

"Ẹ̀yin lẹ pè."

"Èmi ni mo rán ewé mẹ́jọ yìí síbẹ̀. Ìwé yìí ò ní ìparí láti ọjọ́ tí mo ti rà á. Kò sí lẹ́tà kan lórí wọn. Mo ń dúró kí o sọ pé ó já níbẹ̀, o wá ń kà lọ."

Mo bú sẹ́kún. Kò bẹ̀ mí.

"Láti ìgbà wo?"

"Láti ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn."

"Ojú méjèèjì?"

"Ọ̀tún ló burú jù."

Inú bí i. Mi ò tíì rí i kó bínú tó bẹ́ẹ̀ rí. Ó ní, "A ó lọ sọ́sibítù lọ́la."

"Ẹ̀yin náà fi ọdún méjì pa tiyín mọ́."

"Ìdí tí mi ò fi ní jẹ́ kí o pa tìẹ mọ́ di ọ̀tunla nìyẹn."

"Tí wọ́n bá wá bà á jẹ́ ńkọ́? Ta ni yóò máa mú ta lọ?"

"Èmi ni màá máa mú ẹ lọ. Mo ti pẹ́ lẹ́nu ẹ̀."

A wọ kẹ̀kẹ́ dé Ṣàngó láàárọ̀, ká tó wọ mọ́tò lọ sí Ring Road. Mo di ọwọ́ rẹ̀ mú, òun ń fi ọ̀pá wá kọ̀tà. Oníkẹ̀kẹ́ ní, "Bàbá, ṣé ẹ̀yin lẹ ń mú Màmá lọ ni, àbí Màmá ló ń mú yín?"

Ọkọ mi ní, "Ìwọ sá wo iwájú ẹ. Ìwọ nìkan lo ní ojú nínú wa."

Dókítà ní tèmi ṣeé ṣe. Ó ní àwọ̀ funfun kan ló bo ẹyinjú, wọ́n á sì yọ ọ́ kúrò. Wọ́n dá ọjọ́ fún wa, wọ́n ṣe ojú ọ̀tún, wọ́n ní ká padà wá lọ́jọ́ kejì. Lọ́jọ́ kejì yẹn, nọ́ọ̀sì tú aṣọ lójú mi. Ó ní, "Màmá, ẹ rí mi?" Mo ní mo rí i. Irọ́ ni, mi ò wo ọ̀dọ̀ rẹ̀. Ọkọ mi jókòó lórí bẹ́ǹṣì níwájú mi, mo sì rí i.

Ọrùn rẹ̀ ti di òwú. Funfun ojú rẹ̀ ti pọ́n bí epo. Ẹsẹ̀ rẹ̀ wú, kò wọnú bàtà, ó ń tẹ̀ ẹ́ lẹ́yìn. Èmi ni mò ń fọ aṣọ rẹ̀. Nígbà tí aṣọ ń tóbi sí i lọ́rùn, mo rò pé aṣọ ló fẹ̀.

"Bàbá wa, láti ìgbà wo?"

Ó mọ ohun tí mò ń bi í. "Láti ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn."

"Ẹ ò sì sọ!"

"Bí mo bá sọ, tèmi ni wàá máa sá kiri, ojú tìẹ á lọ. Mo fẹ́ kí wọ́n kọ́kọ́ ṣe tìẹ ná."

Àwọn tó yẹ̀ ẹ́ wò ní àrùn ẹ̀dọ̀ ni, ó sì ti pẹ́. Ọkọ mi ní ká máa lọ sílé. Nínú kẹ̀kẹ́, ọ̀rọ̀ ọmọ yunifásítì yẹn ń padà wá sí mi lọ́kàn, nípa àwọn tí kò rí ohun tó wà níwájú wọn. Ojú mi dá ṣáṣá, mò ń ka gbogbo pátákó tó wà lẹ́bàá ọ̀nà, mi ò fẹ́ ka ìkankan.

Nílé, ó ní kí n kọ ìparí ahunẹní sórí ewé mẹ́jọ náà. Mo ní mi ò mọ ìwé kọ. Ó ní bí mo ṣe sọ ọ́ gan-an ni kí n kọ ọ́, títí kan iṣu. Dókítà ní kí n má tẹrí ba púpọ̀, mo wá ń kọ díẹ̀díẹ̀, ojú ewé kan lójúmọ́, lẹ́yìn Alásárì. Bí mo bá kọ ọ́ tán, màá kà á fún un. Kíkà gidi ni, mo ń rí i.

"Iṣu yẹn, ṣé ó jinná?"

"Ó jinná."

"Iyọ̀ ńkọ́?"

"Ó ní ó pọ̀ jù."

"Mo mọ̀ pé yóò ráhùn," ó ń rẹ́rìn-ín, ikọ́ sì gba ẹ̀rín lẹ́nu rẹ̀.

Ewé kan ló kù, èyí tí ọkùnrin náà ti ń fọwọ́ pa ẹní. Àkànní kú láàárọ̀ ọjọ́ Jímọ̀, nígbà tí mo ń po ẹ̀kọ fún un. Àwọn ọkùnrin wẹ̀ ẹ́, wọ́n sì gbé e jáde. A sin ín lọ́jọ́ náà, lẹ́yìn ìrun Jímọ̀. Ewé tó kù náà ṣì funfun.