Ọfà Kan Tí A Kò Yà Sínú Iyanrìn

Òórùn ilé ìsàba yẹn kò tíì kúrò nímú mi títí dòní. Òórùn ẹyin tó ń móoru ni, ó pọ̀ mọ́ ti ìyẹ́ adìyẹ àti èéfín jẹnẹrétọ̀ tó máa ń rá pálá gba ojú fèrèsé wọlé. Ẹ̀yìn ìlú Ìwó níbí ló wà, lójú ọ̀nà tó lọ sí Olúpọ̀nnà, ilé gbọọrọ kan tí wọn kò kun lọ́dà. Inú rẹ̀ ni ẹ̀rọ ìsàba dúró sí, ó tóbi tó kọ́bọ́ọ̀dù aṣọ ìyàwó tuntun, ẹyin sì tò sínú rẹ̀ lórí àwo lórí àwo. Bí o bá gbé ọwọ́ lé ilẹ̀kùn rẹ̀, ṣe ló máa lọ́ wọ́ọ́rọ́ bí ara ọmọ tí oorun ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé lọ. Àwọn tó ń sin adìyẹ ní Kuta àti Ilé-Ogbó ló ń kó ẹyin wá síbẹ̀, kí ẹ̀rọ lè bá adìyẹ wọn sàba fún ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, kí wọ́n sì wá kó ọmọ adìyẹ lọ sílé.

Àlàájà kan ló ń bójú tó o. Ọkọ rẹ̀ ló bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ náà, àmọ́ ọkọ kú, obìnrin yìí sì kọ̀ kí iṣẹ́ náà kú tẹ̀lé e. Àwọn àbúrò ọkọ rẹ̀ ní tiwọn ti ń wo ilé náà bí ibi tí ṣọ́ọ̀bù máa dáa sí, nítorí ojú títì ló wà. Ọwọ́ bàbá ọkọ ni ọ̀rọ̀ kù sí. Ààfáà àgbà ni bàbá yìí, ó ti fi ilé kéwú lé àwọn ọmọlẹ́yìn lọ́wọ́, inú ọgbà kan náà ni òun àti ìyàwó ọmọ rẹ̀ sì jọ ń gbé. Àlàájà kò ní ọ̀tá méjì ju iná mànàmáná lọ. Bí iná bá lọ tí kò bá sí ẹni tó máa tan jẹnẹrétọ̀ nítòsí, ẹyin á tutù, ọmọ inú rẹ̀ á sì kú. Ìdí tó fi wá bá wa nìyẹn, pé kí á ṣe ohun tí yóò máa ṣọ́ iná fún òun, tí yóò máa tan jẹnẹrétọ̀ fúnra rẹ̀.

Àwa mélòó kan là ń kọ ètò kọ̀ǹpútà nígbà náà nínú yàrá kan lókè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì, nítòsí ilé ìwé àwọn onítẹ̀bọmi. Obìnrin ni ọ̀gá wa. Ó ti kọ́ àwọn ọmọ ní ìṣirò fún ìgbà pípẹ́ kó tó di ọlọ́kọ̀ǹpútà, ìdí nìyẹn tí kò fi sí bí o ṣe lè fi ẹnu dídùn tàn án. Ó kúrú, ohùn rẹ̀ rọlẹ̀, àmọ́ bó bá ti yọ gíláàsì ojú rẹ̀ tó wò ọ́ báyìí, ìwọ fúnra rẹ lo máa bẹ̀rẹ̀ sí í wá ibi tí o ti ṣi iṣẹ́ ṣe. Mo ti bá àwọn ọ̀gá ńláńlá ṣiṣẹ́ lẹ́yìn rẹ̀ ní Ìbàdàn àti l'Ékòó. Kí n má tàn ọ́, n kò tíì rí irú rẹ̀.

Iṣẹ́ tí Àlàájà gbé wá, ìwọ náà mọ irú rẹ̀. Ètò kan wà tó jẹ́ pé o bi í léèrè, ó dáhùn, ó parí. Òmíràn kì í parí. Ṣe ló jókòó bí ọlọ́dẹ ẹnu géètì, tó ń retí ohun tó máa ṣẹlẹ̀, ohun tó bá sì ṣe sí i dúró lórí ipò tó wà tẹ́lẹ̀. Ọ̀gá máa ń sọ pé, “Bí ẹnì kan bá kan ilẹ̀kùn nígbà tí o ń jẹun, o máa ní kó wọlé wá jẹun. Bó bá kàn án nígbà tí o ń wẹ̀ ńkọ́?” Nítorí náà, ó ní kí á kọ́kọ́ ya ipò kọ̀ọ̀kan ní róbótó, kí á fi ọfà so wọ́n pọ̀, kí á sì kọ ohun tó ń gbé ni kúrò nínú róbótó kan bọ́ sí òmíràn sára ọfà náà. Títí a ó fi parí àwòrán yẹn, ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ fọwọ́ kan kọ̀ǹpútà.

Orí ilẹ̀ ló sì ń yà á sí. Ó kó gbogbo wa lọ sẹ́yìn ilé, ó bọ́ bàtà, ó fi igi ya róbótó ńláńlá sínú iyanrìn, ó sì sọ wọ́n lórúkọ. Ọ̀kan ń jẹ́ Iná-Wà, ìkejì ń jẹ́ Jẹnẹrétọ̀. Ìkẹta ni mo fẹ́ràn jù, Dúró-Wò-Ó ló ń jẹ́. Gbogbo wa la mọ iná wa, ó máa ń wá kí ni lásán kó sì pẹ̀yìn dà, nítorí náà bí iná bá dé tí jẹnẹrétọ̀ ń ṣiṣẹ́, ẹ̀rọ gbọ́dọ̀ dúró díẹ̀ kó wò ó bóyá iná náà ti fìdí múlẹ̀, kó tó pa jẹnẹrétọ̀. Ìkẹrin ni Ó-Ti-Kú. Ibẹ̀ ni ẹ̀rọ ń lọ bí jẹnẹrétọ̀ bá kọ̀ tí kò tàn, kó má baà máa tan òkú títí bátìrì á fi gbẹ.

Ó ní kí n bọ́ sínú Iná-Wà, pé èmi ni ẹ̀rọ. Àwọn yòókù wá bẹ̀rẹ̀ sí í pariwo: “Iná lọ!” Mo fò bọ́ sínú Jẹnẹrétọ̀. “Iná dé!” Mo fò bọ́ sínú Dúró-Wò-Ó. “Iná tún lọ!” Mo padà. “Epo tán!” Mo dúró, n kò mọ ibi tí mo máa gbà, nítorí kò sí ọfà. Ọ̀gá á ní, “Ẹ wò ó, ó ti há,” á lóṣòó, á ya ọfà tuntun, eré á tún bẹ̀rẹ̀. Àwọn ará àdúgbò yọjú lórí fẹ́ǹsì, wọ́n ń wo àwọn ẹni tó ní irùngbọ̀n lágbọ̀n tí wọ́n ń ṣe eré sùwé lọ́sàn-án gangan. Ẹnì kan tilẹ̀ bi wá bóyá ọwọ́ wa dilẹ̀ tó bẹ́ẹ̀. Àmọ́ nígbà tí a kúrò nínú iyanrìn yẹn, kò sí ariwo tí wọ́n lè pa tí ẹ̀rọ kò ní mọ ibi tó máa gbà, tàbí bẹ́ẹ̀ la ṣe rò. A kó ètò náà sínú àpótí kékeré kan, a gbé e lọ fún Àlàájà, a so ó mọ́ jẹnẹrétọ̀, ó ń ṣiṣẹ́, gbogbo wa sì mu mínírà.

Kò pẹ́ tí ìpè fi wọlé. “Àǹtí kọ̀ǹpútà,” ni Àlàájà wí, “ẹ̀rọ yín sùn lọ o. Iná lọ, kò tan nǹkan kan. Kí n tó ti ọjà dé, ẹyin ti tutù.” Ọ̀pọ̀ ẹyin ló bàjẹ́ nígbà yẹn. Bàbá ọkọ rẹ̀ sì sọ ọ́ níwájú gbogbo ẹbí pé bí ẹyin tó kàn bá tún bàjẹ́, kí ìyàwó ọmọ òun fi ọ̀rọ̀ náà mọ síbẹ̀, kí ilé padà sọ́wọ́ ẹbí. Kò fi ìbínú sọ ọ́, èyí gan-an ló sì jẹ́ kó wọ obìnrin náà lára.

Nígbà tí a dé ibẹ̀, wọ́n ti kó ẹyin tuntun sínú ẹ̀rọ ìsàba. Ọ̀gá kúnlẹ̀ kí Bàbá, tó jókòó sórí awọ àgbò rẹ̀ lábẹ́ igi máńgòrò. “Dìde, ọmọ mi, Ọlọ́run á là á,” ni Bàbá wí. A wo àpótí wa, iná pupa ló ń tàn lára rẹ̀, ìyẹn ni pé inú Ó-Ti-Kú ló wà. A yí kọ́kọ́rọ́ jẹnẹrétọ̀ wò, ó tàn lẹ́ẹ̀kan náà, ara rẹ̀ le koko. Kí wá ló dé tí ẹ̀rọ fi pe alààyè lókùú? Èmi ti ń ṣí kọ̀ǹpútà mi kí n wá ibi tí kóòdù ti yingin. Ọ̀gá ní kí n pa á dé. Ó mú kí àpótí bẹ̀rẹ̀ látìbẹ̀rẹ̀, ó gbé bẹ́ǹṣì, ó jókòó, ó ní kí Àlàájà jẹ́ kí ilé máa lọ bó ṣe máa ń lọ.

Iná lọ. Jẹnẹrétọ̀ tàn fúnra rẹ̀, mo sì mí kanlẹ̀. Ó pẹ́ díẹ̀, àwọn ọmọdé àdúgbò figbe ta, “Iná ti dé o!” Àpótí bọ́ sínú Dúró-Wò-Ó bó ṣe yẹ, iná rẹ̀ di ìyeyè, ó ń ṣọ́ iná náà wò. Ìgbà náà ni Bàbá fi tẹ̀sùbáà rẹ̀ sápò, ó gbára lé ọ̀pá, ó rọra rìn lọ sídìí jẹnẹrétọ̀, ó sì yí kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ pa. Ó ń rẹ́rìn-ín bó ṣe ń bọ̀. “Ẹ̀yin ọmọ òde òní, iná ti dé, ẹ sì ń fi epo ṣòfò. Àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́.”

Iná ara àpótí di pupa. Jẹnẹrétọ̀ kú mọ́ ọn lọ́wọ́, ó gbìyànjú àtitàn án, kọ́kọ́rọ́ kò gbà fún un, ó sì gbà pé ó ti kú. Láti ibẹ̀, a kò ya ọfà kankan jáde. Bí iná bá tún lọ, kò ní wo jẹnẹrétọ̀ rárá títí àwa á fi dé. Àlàájà dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó ti rí gbogbo rẹ̀, ó fi ọwọ́ bo ẹnu. Ìwọ náà rò ó wò: bàbá tó máa dájọ́ ilé ìsàba náà gan-an ló ń pa ẹyin rẹ̀, kò sì mọ̀, ìyàwó ilé wo ló sì máa ko bàbá ọkọ rẹ̀ lójú sọ bẹ́ẹ̀? Mo ti la ẹnu. Ọ̀gá tẹ̀ mí lẹ́sẹ̀ mọ́lẹ̀.

Ó dìde, ó tún kúnlẹ̀. “Bàbá, ẹ ṣeun, mà á bẹ̀ yín ni. Àwòrán wa ló lábùkù. A pe iná, a pe epo, a pe ooru, a ò pe èèyàn. Ẹ bá wa parí rẹ̀.” Ó wá igi, ó ya àwọn róbótó náà sábẹ́ máńgòrò, ó sì ní kí n bọ́ sínú Dúró-Wò-Ó. Bàbá ń rẹ́rìn-ín, ó fa aṣọ rẹ̀ sókè, ó tẹ̀ síwájú kó lè ríran dáadáa. Ọ̀gá bi í pé kí ló máa ń ṣe bí iná bá dé. “Mo máa ń pa jẹnẹrétọ̀ ni.” Mo wo ilẹ̀, kò sí ọfà míì tí mo lè gbà ju ti jẹnẹrétọ̀ tó kọ̀ tí kò tàn lọ. Mo fò bọ́ sínú Ó-Ti-Kú, mo sì dúró síbẹ̀ bí òpó.

Bàbá fi ọ̀pá rẹ̀ tọ́ka sí mi. “Ẹni tó bá wọ ibẹ̀, ibo ló máa ń gbà jáde?”

“Kò sí ọ̀nà, Bàbá,” ni mo wí.

Ẹ̀rín kúrò lójú rẹ̀. Ó wo jẹnẹrétọ̀, ó wo àpótí tó ń tan pupa, ó sì wo ìyàwó ọmọ rẹ̀ fún ìgbà pípẹ́. Lẹ́yìn náà ló rọra béèrè pé, “Ṣé èmi ni mo ti ń tì í mọ́ ibẹ̀?”

“Àwa tí a ò la ọ̀nà ni, Bàbá,” ni Ọ̀gá dáhùn, igi sì ti wà lọ́wọ́ rẹ̀, ó ti ń ya ọfà.

Èmi kọ́kọ́ rò pé ọgbọ́n ẹnu ni, pé ó kàn ń bo àgbà láṣìírí. Kò rí bẹ́ẹ̀. Nígbà tí à ń padà lọ, lẹ́yìn tí a fi bọ́tìnì kan sórí ògiri nítòsí ibi tí Bàbá máa ń jókòó, tí a sì ya ọfà tiẹ̀ sínú àwòrán, Ọ̀gá ṣàlàyé fún mi. Ó ní bàbá náà ti ń pa jẹnẹrétọ̀ bẹ́ẹ̀ kí á tó gbé àpótí wa dé, pé ohun tó yẹ kí àgbà inú ilé ṣe ló ń ṣe. Ẹni tó bá ya àwòrán ilé tí kò fi onílé sí i, òun ló ṣi iṣẹ́ ṣe. Bí Bàbá bá tẹ bọ́tìnì yẹn, ẹ̀rọ á wo iná wò. Bí iná bá ti fìdí múlẹ̀, á pa jẹnẹrétọ̀ fún un. Bí kò bá tíì rí bẹ́ẹ̀, á ṣẹ́jú sí i pé kó ní sùúrù. Ó-Ti-Kú náà sì gba ọ̀nà àbájáde: bí iná bá tún lọ, tàbí bí ẹni tó wà nílé bá tẹ bọ́tìnì, ẹ̀rọ á tún gbìyànjú.

Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta yẹn kò lọ bọ̀rọ̀. Bí iná bá ti lọ lọ́fíìsì wa, ọkàn mi á fò lọ sójú ọ̀nà Olúpọ̀nnà. Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, Àlàájà pe Ọ̀gá. Ọ̀gá gbọ́ díẹ̀, ó sì gbé fóònù náà sáàárín wa kí gbogbo wa lè gbọ́: ariwo ọmọ adìyẹ ni, wẹ́wẹ́, wọn kò lóǹkà, àti obìnrin kan tó ń sunkún láàárín wọn. Ọ̀gá wa tí kì í gba ẹ̀tàn yọ gíláàsì rẹ̀, ó ń nù ún, ó ń nù ún, gíláàsì tí kò dọ̀tí.

Nígbà tí àwọn àbúrò ọkọ tún dé nítorí ọ̀rọ̀ ṣọ́ọ̀bù, Àlàájà ní Bàbá kò tilẹ̀ jẹ́ kí wọ́n jókòó dáadáa. Ó ní, “Ẹ wá ilẹ̀ ṣọ́ọ̀bù síbòmíì. Iṣẹ́ ń lọ níbí, èmi náà sì wà lẹ́nu iṣẹ́.” Ó sì na ọwọ́ sí bọ́tìnì rẹ̀.

Ọ̀gá ti fẹ̀yìn tì báyìí. Èmi ni mo ń kó àwọn tó kéré sí mi lọ sẹ́yìn ilé, tí mò ń bọ́ bàtà, tí àwọn ará àdúgbò ń wò lórí fẹ́ǹsì. Ọgbọ́n iṣẹ́ tí mo rí kọ́ lọ́dọ̀ rẹ̀ pọ̀, àmọ́ èyí tó kù sí mi lára jù ni pé bí nǹkan bá bàjẹ́, kò kọ́kọ́ wá ẹni tó bà á jẹ́. Ọ̀nà tí a kò là ló máa ń wá. Mo ti gbé e lò fún ọmọ mi, mo ti gbé e lò fún ara mi náà, lọ́dún tí mo rò pé inú Ó-Ti-Kú ni mo wà. Bí a bá sì ti ya róbótó tán sínú iyanrìn, tí ẹnì kan ti bọ́ sínú rẹ̀ tó ń retí kí á pe iná tàbí epo, ariwo àkọ́kọ́ tí mo máa ń ní kí wọ́n pa ni, “Bàbá dé!”