Agbo Òyìnbó Lójú Fèrèsé

Màmá àgbà gbé ìgò náà sókè sí ìmọ́lẹ̀ ojú fèrèsé, ó rọra mì í, ó sì ń wo bí egbò igi àti èèpo ọsàn ṣe ń yí nínú omi pupa rẹ́súrẹ́sú. Ó ṣí i, ó fi imú sí i, ó tún dé e padà. Ó yíjú sí mi.

"Àṣàkẹ́, bi bàbá yìí pé kí ni agbo wọn ń wò."

Inú kíṣìnì arúgbó òyìnbó kan la wà, ẹni tí ilé rẹ̀ fara ti tiwa ní Gorton, ní ìlú Manchester. Ìtálì ni àwọn òbí rẹ̀ ti wá. Ìyàwó rẹ̀ ti kú, ó ń dá gbé. Ilẹ̀kùn ló sọ wá di àlejò rẹ̀. Màmá àgbà, ìyá tó bí ìyá mi, ti Ọ̀yọ́ wá láti bá wa wẹ àbúrò mi tuntun, kò sì mọ̀ pé tí èèyàn bá fa ilẹ̀kùn Manchester pa, ó ti ti ara rẹ̀ mọ́ ìta nìyẹn. A jáde lọ ṣa aṣọ ọmọ lórí okùn, ó pọn ọmọ, ó fa ilẹ̀kùn, òjò sì dé. Ìyá mi wà níbi iṣẹ́ care rẹ̀, níbi tó ti ń tọ́jú àwọn arúgbó. Bàbá náà rí wa látojú fèrèsé, ó sì pè wá wọlé.

Ọmọ kékeré ni mí nígbà yẹn, ṣùgbọ́n èmi ni ògbufọ̀. Mo béèrè. Bàbá náà fọwọ́ pa ikùn rẹ̀, ó rẹ́rìn-ín.

"Wọ́n ní ó good fún stomach, tẹ́ ẹ bá ti jẹun tán," mo wí fún Màmá àgbà. "Màmá wọn ló kọ́ wọn bí wọ́n ṣe ń ṣe é."

"O ò rí nǹkan," ló dá mi lóhùn. "Òyìnbó náà ní agbo."

Ó gba gíláàsì kékeré tí bàbá náà nà sí i, ó sì mu ún.

Ẹ jẹ́ kí n sọ irú ẹni tí Màmá àgbà jẹ́, kí ọ̀rọ̀ náà lè yé yín ju bó ṣe yé mi lọ. Ọtí ló gba ọkọ lọ́wọ́ rẹ̀. Bàbá àgbà mutí títí tó fi fi Màmá àgbà àtàwọn ọmọ sílẹ̀, kò sì padà wálé mọ́. Látìgbà náà ni Màmá àgbà ti jẹ́jẹ̀ẹ́ fún Ọlọ́run pé ọtí kò ní kan ahọ́n òun láé. Nínú ìjọ rẹ̀, òun ló máa ń ṣáájú àdúrà fún àwọn tí ọkọ wọn jẹ́ ọ̀mùtí. Tá a bá lọ ra ọjà, ó máa ń gbójú sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan níbi tí wọ́n to bíà sí, bí onígbèsè tó rí olówó rẹ̀ lọ́ọ̀ọ́kán.

Síbẹ̀, ní ọ̀sán gbogbo, tó bá ti wẹ ọmọ tán, tó fi òrí pa á lára, á pọ̀n ọ́n, á ní kí n ká lọ. Bàbá náà á bu bísíkíìtì fún mi, á bu agbo sínú gíláàsì méjì. Inú kíṣìnì náà máa ń rùn bíi súìtì dúdú tí wọ́n ń tà ní ṣọ́ọ̀bù Hyde Road, nítorí aniseed, hóró olóòórùn dídùn kan, pọ̀ nínú àwọn ìgò rẹ̀. Òjò á máa kan fèrèsé. Bàbá náà á máa sọ̀rọ̀ nípa ìyàwó rẹ̀ lédè tirẹ̀, Màmá àgbà á máa sọ pé, "Ẹ pẹ̀lẹ́, Bàbá." Nígbà tó yá, wọn ò pè mí sí ògbufọ̀ mọ́. Inú bí mi díẹ̀, nítorí mo fẹ́ràn iṣẹ́ náà.

Lọ́jọ́ kan, mo bi Màmá àgbà bóyá kì í ṣe ọtí ni. Ó ní, "Agbo ni. Ṣé ìwọ lo fẹ́ kọ́ mi ní agbo?" Òun kan náà ló ti sọ fún mi rí pé àwọn kan máa ń fi ọtí rẹ agbo, pé omi ògì ni wọ́n fi ń rẹ ẹ́ nílé àwọn. Mi ò mọ èyí tí màá gbà gbọ́.

Ọjọ́ tí ìyá mi tètè dé láti ibi iṣẹ́, kò bá wa nílé, ó wá kan ilẹ̀kùn bàbá. Ó tẹrí ba láti gba ọmọ lẹ́yìn Màmá àgbà. Imú rẹ̀ ló kọ́kọ́ gbọ́ ọ̀rọ̀.

"Màámi, alcohol lẹ̀ ń mu yìí."

"Agbo ni."

"Ọtí líle ni, Màámi. Ẹ tún wá pọn ọmọ."

Màmá àgbà wò mí. "Àṣàkẹ́, kí lo ní bàbá sọ?"

Mo tún un sọ, bí mo ṣe sọ ọ́ tẹ́lẹ̀. "O ti gbọ́ tẹnu ọmọ," ló wí fún ìyá mi. Bàbá náà ń wo ojú kálukú wa, kò sẹ́ni tó túmọ̀ ọ̀rọ̀ fún un.

Nírọ̀lẹ́, Màmá àgbà kúnlẹ̀ àdúrà, ó pẹ́ níbẹ̀. Èmi ń ro ọ̀rọ̀ tí mo túmọ̀, mi ò rí àṣìṣe nínú rẹ̀. Ohun tó wà nínú ìgò ní ọ̀sán náà ló ṣì wà níbẹ̀ ní ìrọ̀lẹ́, kò yí padà. Báwo ló ṣe wá di ẹ̀ṣẹ̀? Orí mi dàrú, inú mi ò dùn.

Mo rò pé ó tán nìyẹn. Lọ́jọ́ kejì, Màmá àgbà rán mi lọ ra aniseed, ó fi omi sè é pẹ̀lú èèpo ọsàn àti ata ilẹ̀, ó sẹ́ ẹ sínú ìgò. Ó gbé ọmọ fún ìyá mi, ó gbé ìgò rẹ̀, ó di ilé bàbá.

"Sọ fún wọn pé tèmi rèé. Kí wọ́n máa mu tiwọn, kí n máa mu tèmi."

Bàbá náà tọ́ ọ wò, ojú rẹ̀ sún kì, àwọn méjèèjì sì rẹ́rìn-ín. Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń ṣe títí Màmá àgbà fi padà sí Ọ̀yọ́.

Mo ti dàgbà kí n tó bi í. Mo lọ kí i nílé, ó jókòó, ó ń ṣa ẹ̀gúsí. Mo ní, "Màmá àgbà, ní tòótọ́, ṣé ẹ mọ̀ pé ọtí ni?"

Kò gbójú sókè. "Mo bá bàbá àgbà rẹ gbélé. Ṣé n ò ní mọ òórùn ọtí ni?"

"Ẹ wá ń mu ún."

"Mo fẹ́ mọ ohun tó wà níbẹ̀ tí mi ò ní, tí bàbá àgbà rẹ fi fi wá sílẹ̀ lọ bá a."

"Kí lẹ wá rí?"

"Ó dùn díẹ̀." Ó fẹ́ èèpo ẹ̀gúsí dànù. "Kò sí nǹkan míì níbẹ̀."

Màmá àgbà ti lọ báyìí, bàbá náà ti lọ. Mi ò tíì lè sọ bóyá ó já ẹ̀jẹ́ rẹ̀ tàbí kò já a. Mi ò mọ ẹni tó ń tàn nígbà tó ń pè é ní agbo, bóyá èmi ni, bóyá òun fúnra rẹ̀. Ìgò irú rẹ̀ kan wà lójú fèrèsé mi ní Pendleton, nítòsí Manchester, mo rà á, mi ò mu ún, mi ò sì lè jù ú nù. Nígbà mìíràn tí mo bá ti ibi iṣẹ́ dé, mo máa ń ṣí i, mo máa ń gbóòórùn rẹ̀, mo sì máa ń wá nǹkan míì yẹn. Èmi náà ò rí i.