Ẹlẹ́rìí Ẹ̀bá Pèrègún

Ìgbà tí irun orí Bàbá Ọdúntán ṣì dúdú ni ẹjọ́ oko kòkó rẹ̀ ní Ìwàrà ti dé kóòtù Iléṣà. Sẹ̀gilọlá, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin, ló jẹ́rìí fún un, torí ìṣojú rẹ̀ ni bàbá wọn ṣe gbin pèrègún sí ààlà. Ẹjọ́ kò tíì parí tí Sẹ̀gilọlá fi kú, wọ́n sì sin ín sẹ́bàá pèrègún ọ̀hún.

Lẹ́yìn náà ni fáìlì tí wọ́n kọ ẹ̀rí rẹ̀ sí pòórá ní kóòtù. Adájọ́ tuntun ní kí gbogbo ẹlẹ́rìí wá tún ọ̀rọ̀ sọ. Akọ̀wé kóòtù bọ́ sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó ké lẹ́ẹ̀mẹta: “Sẹ̀gilọlá!” Bàbá ní ó ti kú. Wọ́n ní àwọn ti gbọ́, wọ́n sún ẹjọ́ síwájú. Nígbà ìjókòó tó tẹ̀lé e, wọ́n tún pè é. Àbí ta ní í pe òkú lẹ́ẹ̀mẹta lọ́sàn-án gangan?

Lọ́jọ́ yẹn, Bàbá gbọ́ ohùn kan lẹ́yìn rẹ̀: “Ẹ́ẹ̀n?” Ohùn ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ni. Kò wẹ̀yìn. Oko ló gbà lọ tààrà, ó dọ̀bálẹ̀ síbi sàréè.

“Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ má dá wọn lóhùn mọ́ o. Èyí tẹ́ ẹ sọ lójú ayé ńkọ́? Wọn ò rí i.”