Ohun Tó Wà Lábẹ́ Ọ̀dà Rímù

Láti kékeré ni wọ́n ti ń pe obìnrin kan ní Kí-ló-fà-á, torí ìbéèrè kì í tán lẹ́nu ẹ̀. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin ló kọ́ ọ níṣẹ́ bíbó ọ̀dà ara rímù mọ́tò àti títún un kùn. Yanrìn odò ni ẹ̀gbọ́n ń dà sínú ẹ̀rọ. Afẹ́fẹ́ á tú u jáde tagbáratagbára, ọ̀dà á sì bó bí èèpo ẹ̀pà. Àkísà lásán ló ń so mọ́ imú. Nígbà tí ẹ̀gbọ́n lo ogún ọdún nídìí iṣẹ́ náà, ikọ́ dé, kò sì lọ mọ́. Dókítà ní eruku yanrìn ti jókòó sínú ẹ̀dọ̀fóró rẹ̀. Ṣọ́ọ̀bù di ti àbúrò.

Kó tó fọwọ́ kan iṣẹ́, obìnrin yìí ju ẹ̀kúnwọ́ yanrìn gba ojú fèrèsé wọ inú ṣọ́ọ̀bù, ó pa fèrèsé dé, ó sì dúró síta, ó ń tan tọ́ọ̀ṣì wo eruku. Èyí tó nípọn tètè balẹ̀. Èyí tó kúnná ṣì ń fò káàkiri nígbà tó jẹun ọ̀sán tán.

"Bọ̀dá mi, èyí tí a kì í rí gan-an ló ṣe yín báyìí."

Ẹ̀gbọ́n rẹ́rìn-ín. "Ìwọ yìí, o ò tiẹ̀ ní jẹ́ kí eruku sinmi."

Àbúrò pa yanrìn tì. Gíláàsì lílọ̀, tí eruku rẹ̀ kì í ba ẹ̀dọ̀fóró jẹ́ bíi ti yanrìn, ló ń lò, nínú àpótí irin tó dé pinpin. Ó ń ti ọwọ́ bọ ìbọ̀wọ́ gígùn tó wà lára àpótí, ẹ̀rọ kan sì ń fa eruku sínú àpò. Síbẹ̀, kì í ṣí ìbòmú kúrò. Alumíníọ́mù tí wọ́n fi ṣe ọ̀pọ̀ rímù rọ̀ ju irin lọ, nítorí náà ó fi rímù kan tó ti bàjẹ́ dánra wò, ó ń dín agbára afẹ́fẹ́ kù títí ọ̀dà fi ń bó láìjẹ ara rímù.

Lọ́jọ́ kan, awakọ̀ kan kó rímù mẹ́rin wá. Lára ẹ̀kẹta, lẹ́yìn tó bó ọ̀dà rẹ̀ tán, obìnrin náà rí ìlà kan tó tín-ín-rín bí irun. Ó kán kẹrosíìnì sí i, ó nù ún gbẹ, ó fi ṣọ́ọ̀kì funfun pa á. Òun àti awakọ̀ bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, wọ́n ń wò ó. Díẹ̀díẹ̀, kẹrosíìnì sun jáde láti inú ìlà náà, ó ya ìlà tútù sára ṣọ́ọ̀kì, ó gùn tó ìka ọwọ́.

"Kí nìyẹn, màdámú?"

"Ó ti sán. Ọ̀dà ló ń bò ó."

"Ẹ ò lè dí i, kẹ́ ẹ kùn ún?"

"Mo lè kùn ún. Ta lẹ fi ọkọ̀ náà ń gbé?"

Awakọ̀ tún wo ìlà náà. "Ìyá mi. Ọ̀sẹ̀ọ̀sẹ̀ ni mò ń gbé wọn lọ sílé ìwòsàn."

Ẹ̀gbọ́n tó jókòó sẹ́nu ọ̀nà ní kí wọ́n gbé rímù náà wá. Ó fi èékánná tọ ìlà náà. "Irú èyí mélòó ni mo ti kùn, tí mi ò mọ̀?"

"Ẹ ò rí i ni, bọ̀dá mi."

Awakọ̀ tọrọ òòlù. Ó lu rímù náà níbi tó ti sán títí tó fi fọ́ sí méjì, kẹ́nìkan má baà ṣà á lò, ó sì lọ wá òmíràn.