Ata Ẹ̀pà Ìgbà Ààwẹ̀

Bí mo bá ti ń sun tàtàṣé lórí gáàsì, tí awọ rẹ̀ ń dúdú, Abúlé Òkúta ni òórùn rẹ̀ máa ń gbé mi lọ, sí ẹ̀yìnkùlé ìyá ìyá mi.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, mo ní èmi náà ń gba ààwẹ̀ bí àgbà. Ètè mi ti gbẹ táútáú. Màmá Àgbà ń lọ tàtàṣé tó sun lórí èédú mọ́ ẹ̀pà yíyan lórí ọlọ, èyí tí a máa fi jẹ búrẹ́dì tí a bá fẹ́ ṣínu. Ó wò mí.

"Mo ń gbààwẹ̀. Ta ló máa bá mi tọ́ iyọ̀ rẹ̀ wò?"

"Ṣé kò ní ba ààwẹ̀ tèmi jẹ́, Mà?"

"Iṣẹ́ ni mo bẹ̀ ẹ́, oúnjẹ kọ́."

Ó bu ata náà lé búrẹ́dì fún mi. "Iyọ̀ ńkọ́?" Mo ní mi ò tíì mọ̀. Ó tún bu ú lé òmíràn. Bí búrẹ́dì ṣe ń tán lọ nìyẹn.

Nígbà tí wọ́n pe irun, èmi ni Màmá Àgbà kọ́kọ́ na èso dàbínù sí. "Ẹ jẹ́ kí aláàwẹ̀ wa ṣínu." Orí mi wú.

Ìgbà tí mo dàgbà ni mo ṣẹ̀ṣẹ̀ rántí pé Màmá Àgbà kì í tọ́ ọbẹ̀ wò, yálà ààwẹ̀ wà tàbí kò sí.