Ààwẹ̀ Tí Ìyá Mi Gbà Nítorí Ìlú Páálí

Nígbà tí mo wà ní kékeré ní Ìjẹ̀bú, tẹlifíṣàn kan ṣoṣo ló wà ládùúgbò wa, ní pálọ̀ olùkọ́ kan; ìta, lójú fèrèsé, la ti máa ń wò ó. Ẹ̀yin ọmọ tí ẹ ń wo sinimá nínú bọ́ọ̀sì láti Dagenham Heathway nílùú òyìnbó níbí, ẹ ò lè mọ bí irin fèrèsé ṣe máa ń tẹ̀ wá lẹ́rẹ̀kẹ́.

Ní Sátidé kan, ìyá mi, Aládùúrà paraku, bá wa lọ. Eré àwọn ará Jàpáànù ni. Ẹranko ràgàjì kan jáde láti inú òkun, ó tẹ ilé fọ́, ó ń jẹ ọkọ̀ ojú irin bí ẹni jẹ ìrèké. Wọ́n ní ìyókù di ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀.

Ìyá mi káwọ́ lérí. "Àwọn ọmọ tó wà nínú ilé wọ̀nyẹn ńkọ́?"

Olùkọ́ ní, "Ẹ̀gbọ́n, eré ni o."

"Ilé wó, o ní eré ni? Ẹnikẹ́ni ò ní jẹun nílé mi kí oòrùn tó wọ̀, àfi tí Ọlọ́run bá gba ìlú yẹn là!"

Bàbá mi bẹ̀ ẹ́ pé Jàpáànù jìnnà. Ìyá mi ní, "Ṣé ó jìnnà sí Ọlọ́run ni?" Bàbá mi wo ìkòkò, ó dé e padà.

Nígbà tí Sátidé padà dé, ebi ló gbé mi dé ojú fèrèsé ṣáájú gbogbo èèyàn. Wọ́n tan tẹlifíṣàn. Ìlú náà dúró digbí! Ìyá mi bú sórin. Kí ẹranko yẹn tó tún yọjú, mo ti fa ìyá mi lọ́wọ́ kúrò níbẹ̀: "Màámi, ẹ jẹ́ ká lọ jẹun ìdúpẹ́!" Lọ́jọ́ Àìkú, ó jẹ́rìí ní ṣọ́ọ̀ṣì.

Láìpẹ́ yìí, nínú ọkọ̀ ojú irin láti Chadwell Heath, ọmọ ọmọ mi rí ìtàn olùdarí eré náà lórí fóònù. Gọ́ọ̀mù ló kọ́kọ́ ń pò, ó wá di agépáálí-kọ́lé, kó tó di ọ̀gá tí gbogbo ayé ń wárí fún. Ó ní ilé wọ̀nyẹn kò ju orúnkún òun lọ. Èèyàn ló ń làágùn nínú awọ rọ́bà tó di ẹranko. Tó bá ti tẹ ìlú fọ́ tán, wọ́n á tún un kọ́ de eré ọ̀sẹ̀ kejì. Mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi. Ọwọ́ tó kún fún gọ́ọ̀mù ló dáhùn àdúrà ìyá mi!

Ọmọ náà fi ìka gbá ìtàn náà kúrò lójú fóònù. Ìlú mìíràn yọ, ó ń jóná.

"Fake ni, Gránpà. Kọ̀ǹpútà ló ṣe é jàre."

Mo ka àkọlé rẹ̀: ìròyìn ni.

Ayé ti yí. Ìyá mi gbààwẹ̀ fún ìlú páálí. Ìka kan ṣoṣo la fi ń gbá ìlú èèyàn sẹ́yìn lónìí.

Mo dá míìtì-páì tí mo fẹ́ jẹ padà sínú ọ̀rá.

"Gránpà, ṣé ebi ò pa yín mọ́ ni?"

Mo ní, "Ó ń pa mí gan-an."