Ẹ Fi Orin Bo Ẹnu Bàbá Mi

Bàbá mi, Gbádéyan, bẹ̀rẹ̀ sí í kú lábẹ́ igi kòkó ní Omifunfun, níwájú kámẹ́rà ẹ̀yin onífíìmù, ẹ sì pàtẹ́wọ́ fún wọn. Orí ọ̀kadà ni wọ́n parí ẹ̀ sí.

Mi ò tíì sunkún. Ó kàn ń ṣe mí bí ẹsẹ̀ téèyàn jókòó lé títí tó fi kú.

Gbogbo Òrè ló mọ̀ wọ́n, ṣùgbọ́n wọn ò fìgbà kan jẹ́ ọ̀gá nínú fíìmù. Àwọn ni bàbá aláìsàn, àwọn ni géètìmáànù tí olè yìnbọn pa. Kí ìtàn tó gbóná, ẹ ti sin wọ́n. Tí wọ́n bá ń kọjá ní gáréèjì, àwọn ọlọ́kadà á ní, "Bàbá Rónkẹ́, ìgbà wo lẹ tún jí?" Wọ́n á ní, "Ebi ló pa mí, mo jáde wá jẹun."

Nílé, orí ẹní wa ni wọ́n ti máa ń kọ́ ikú. Màmá mi, ọmọ ìjọ Aládùúrà, kì í fẹ́ ẹ. "Ẹ dìde níbẹ̀. Wọn kì í fi ṣeré."

"Ẹ jẹ́ n parí ẹ̀, ó kù díẹ̀ kí n kú."

Olúfúnmilọ́lá tó ń tọ́jú aṣọ òṣèré ló ròyìn fún wa. Orí àga ló yẹ kí wọ́n kú sí, ilẹ̀ ni wọ́n ṣubú sí. Ẹnu wọn ń mì, ṣùgbọ́n ọ̀nà jìn sí i, kò gbọ́ ohun tí wọ́n ń sọ. Olùdarí juwọ́ sí oníkámẹ́rà pé kó máa yà á lọ. Ó dáa, ẹ rò pé wọ́n ń fi iyọ̀ sí i ni. Nígbà tẹ́ ẹ pàtẹ́wọ́ tán tí wọn ò dìde ńkọ́? Mọ́tò wà níbẹ̀. Ẹ ní ọ̀gá òṣèré ló máa wà á wọlé nínú ìran tó kàn, kí mọ́tò má dọ̀tí. Ẹ wá di bàbá mi sáàárín èèyàn méjì lórí ọ̀kadà bí àpò ẹ̀gẹ́, ẹ ní kó máa gbé wọn lọ sọ́sibítù. Mọ́tò yín ò dọ̀tí. Ẹ kú iṣẹ́.

Fíìmù ti jáde báyìí. Pamílẹ́rìn, ọmọ kíláàsì mi, gbé fóònù wá. "Rónkẹ́, wo bàbá ẹ. Wọ́n mọ ikú í kú." Kò mọ̀ pé ikú ọ̀hún gan-an lòun ń wò. Mo wo ẹnu wọn tó ń mì. Orin lẹ gbé lé e, orin ń lọ, ẹnu ń lọ. Mo ní kó pa á.

Màmá pe olùdarí. Ó ní, "Màmá, ibẹ̀ ló dùn jù. Ẹ̀bùn ìkẹyìn tí Bàbá fún àwọn olólùfẹ́ wọn ni." Ta ló bi wọ́n bóyá wọ́n fẹ́ fi tọrẹ? Ibo làwọn olólùfẹ́ wà lọ́jọ́ tá a sin wọ́n ní Odigbo? Ẹ̀yin gan-an dà?

Ẹ yọ ìran yẹn kúrò. Ẹni tó ní kí wọ́n má gbé mọ́tò, kó wá jókòó níwájú ìyá mi, kó fẹnu ara ẹ̀ sọ ọ́. Ẹni tó ń gba ohùn sílẹ̀, kó tẹ̀ lé e wá. Ìwọ tó ń gba ohùn, ìwọ ló fi ẹ̀rọ sétí, o gbọ́ ohun tí wọ́n sọ. Mú ohùn wọn wá láìsí orin. Ìyá mi fẹ́ mọ ohun tí ọkọ wọn sọ.